Ọjọ́ Tí Rítà Jókòó Níwájú Ààrò Ẹja

Àwọn ọ̀dọ́ tó ń wá kí mi ní Mahintedo kì í pẹ́ kí wọ́n tó bi mí pé, "Bàbá, ẹ̀yin ọmọ apẹja, báwo lẹ ṣe wá di ẹni tó ń fa ajá kiri fún ológun títí ẹ fi fẹ̀yìn tì?" Mo máa ń dá wọn lóhùn pé ẹja ò fẹ́ràn mi. Wọ́n á rẹ́rìn-ín, wọ́n á rò pé àwàdà ni. Òótọ́ ni mo sọ. Bàbá mi kọ́ mi ní àwọ̀n jíjù títí ó fi sú u, èmi nìkan náà ni mo sì mọ̀ tó lè ju àwọ̀n sínú omi tó kún fún ẹja kó fa koríko jáde. Nígbà tí ó yá, bàbá mi alára ló ní kí n wá nǹkan mìíràn ṣe kí ebi má baà pa òun lọ́jọ́ ogbó.

Bí wọ́n ṣe gbà mí síṣẹ́ kò ní ìtàn nínú. Wọ́n ń wá ọ̀dọ́ tó mọ omi wẹ̀, mo mọ̀ ọ́n wẹ̀. Wọ́n ní kí n sáré, mo sáré. Owó oṣù náà kò pọ̀, ṣùgbọ́n ó ń wọlé, ẹ jẹ́ ká fi í sílẹ̀ níbẹ̀. N kò ní dárúkọ ẹ̀ka ológun tí mo wà, torí n kò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni wá pè mí lẹ́jọ́ nígbà tó yẹ kí n máa sinmi. Ohun tí mo retí ni pé wọn yóò fún mi ní ọkọ̀ ojú omi wà, nígbà tí wọ́n ti mọ ibi tí mo ti wá. Ajá ni wọ́n fún mi. Iṣẹ́ ológun rí bẹ́ẹ̀, ẹ̀yin tó ń rò ó ní rírò, ẹ fi sọ́kàn.

Òkè ni wọ́n kó wa lọ láti kọ́ṣẹ́, ibi tí òtútù ti ń mú ènìyàn bíi pé wọ́n bí i sínú omi yìnyín. Ọ̀gá tó gbà wá ń jẹ́ Dànládì. Ọkùnrin tẹ́ẹ́rẹ́ ni, kì í pariwo, ṣùgbọ́n bó bá ń bọ̀, ajá àti ènìyàn á jọ nàró ni. Òfin rẹ̀ àkọ́kọ́ ni pé ẹni tí ajá rẹ̀ kò bá tíì jẹun kò gbọdọ̀ fọwọ́ kan oúnjẹ. Òfin rẹ̀ kejì ni pé ẹni tí inú ń bí kò gbọdọ̀ bá ajá sọ̀rọ̀. Ẹlẹgbẹ́ wa kan ta ajá rẹ̀ nípàá lọ́jọ́ kan. Ọ̀gá Dànládì ò bá a wí rárá. Ó kàn ní kí ó gbé ajá náà kọ́ èjìká, kí ó máa gbé e yí pápá ká títí ajá náà yóò fi sùn lé e lórí. Ajá ọ̀hún ò tètè sùn. Nígbà tí wọ́n fi máa sọ̀ ọ́ kalẹ̀, ọ̀rẹ́ wa ti ń bẹ ajá bí ẹni ń bẹ àna.

Ohun tó dùn mí jù ni ìgbà tó fi aṣọ dì wá lójú, tó fi àkísà tí wọ́n ti rẹ sínú kẹrosíìnì pamọ́ sínú pápá, tó ní kí á máa rá kòrò kí á fi imú wá a. Mo fi imú kan òkúta, mo fi kan ẹ̀gún, mo fi kan ìgbẹ́ màlúù, n kò rí àkísà. Lẹ́yìn náà ló tú ajá kan sílẹ̀. Ajá náà lọ tààrà, ó jókòó ti àkísà náà, kò gbó, kò fọwọ́ kàn án. Ọ̀gá ní, "Ṣé o rí i? Láti òní lọ, òun ló mọ ọ̀nà. Tìrẹ ni kí o mọ òun."

Jíjókòó yẹn ni gbogbo ẹ̀kọ́. Ajá tí ń wá àdó olóró kò gbọdọ̀ gbó, kò gbọdọ̀ họ ilẹ̀, torí nǹkan náà lè bú. Bí imú rẹ̀ bá ti bá a, kí ó jókòó jẹ́ẹ́ ni, kí ó máa wò ó. Ọ̀gá Dànládì máa ń sọ pé, "Ajá kì í purọ́. Àwa la máa ń kọ́ ọ ní ohun tí kò yẹ láì mọ̀." Ṣùgbọ́n ajá tí wọn kò bá ti lè gba jíjókòó rẹ̀ gbọ́ mọ́, kò ní iṣẹ́ mọ́ nìyẹn, kò sì sí ibi tí wọ́n ń rán irú rẹ̀ lọ nígbà náà ju abẹ́rẹ́ ìkẹyìn lọ. Òun fúnra rẹ̀ ló máa ń mú irú ajá bẹ́ẹ̀ lọ sẹ́yìn ilé. Kì í jẹ́ kí ẹlòmíràn ṣe é, kì í sì í jẹun lọ́jọ́ náà.

Nírọ̀lẹ́, tí àwọn ajá bá ti yó, ọkùnrin yìí á yí padà di ẹlòmíràn. Á jókòó sórí àpótí, á máa sọ ìtàn àwọn ẹranko tó jagun. Ó sọ bí àwọn òyìnbó ṣe ń so ìwé mọ́ ẹyẹlé lẹ́sẹ̀ nígbà ogun ńlá wọn, tí ẹyẹ náà á gba àárín ọta kọjá, tí òmíràn á fi ẹsẹ̀ kan ṣoṣo délé. Ó sọ ti ológbò kan tí àwọn amí là nínú tí wọ́n fi ẹ̀rọ agbọ́rọ̀sílẹ̀ sí i lára, kí ó lè lọ jókòó sẹ́bàá àwọn tí wọ́n ń ṣọ́. Ológbò ò jẹ́ ọmọ ọ̀dọ̀ ẹnikẹ́ni, ibi tó wù ú ló gbà lọ. Èmi náà sọ ti ẹṣin Ọ̀yọ́ fún un, bí wọ́n ṣe jẹ́ ọ̀gá ní pápá, tí igbó àti eṣinṣin wá ń pa wọ́n bí wọ́n bá ti sọ̀kalẹ̀ sápá ọ̀dọ̀ wa. Ó ní wọ́n tún kọ́ ẹran omi ńlá kan, èyí tó máa ń fò sókè tó ń mí bí ènìyàn, láti máa wá àdó olóró lábẹ́ òkun. Mo ní a máa ń rí wọn lójú omi Awoye lọ́dọ̀ wa, pé bàbá mi kì í jẹ́ ká fọwọ́ kàn wọ́n. Ó ní bàbá mi gbọ́n.

Èyí tí n kò lè gbàgbé nínú ìtàn rẹ̀ ni ti àwọn ajá tí wọ́n fi oúnjẹ kọ́ láti máa wọ abẹ́ ọkọ̀ ogun. Nígbà tí wọ́n mọ̀ ọ́n tán, wọ́n di àdó olóró mọ́ wọn lẹ́yìn, wọ́n ní kí wọ́n lọ sábẹ́ ọkọ̀ àwọn ọ̀tá. Àwọn kan padà sábẹ́ ọkọ̀ àwọn olówó wọn, torí òórùn epo ọkọ̀ tí wọ́n ti ń jẹun ni wọ́n mọ̀. A rẹ́rìn-ín. Ọ̀gá ò rẹ́rìn-ín. Ó ní nínú gbogbo ẹranko tí òun kà sílẹ̀ yẹn, kò sí èyí tó mọ ìdí tí a fi ń jà.

Lẹ́yìn ọdún bíi mélòó kan, wọ́n fún mi ní Rítà. Abo ajá pupa ni, etí rẹ̀ kan nàró, èkejì kì í tètè nàró. Ó fẹ́ràn iṣẹ́ ju bí mo ṣe fẹ́ràn rẹ̀ lọ. Ó rí àwọn nǹkan burúkú ní ibi mélòó kan lókè, ó jókòó tì wọ́n jẹ́ẹ́, ọ̀pọ̀ ènìyàn padà sílé wọn láàyè nítorí rẹ̀. Nígbà tí wàhálà bẹ̀rẹ̀ ní àwọn èbúté epo létí òkun wa, wọ́n ní ta ló mọ ibẹ̀. Wọ́n bá dá èmi àti ajá mi padà sọ́dọ̀ àwọn ènìyàn mi.

Ajá orí ilẹ̀ ni Rítà. Kò rí afárá pákó rí. Lọ́jọ́ àkọ́kọ́ tí mo mú un wọ abúlé kan lápá Awoye, abúlé tí n kò ní dárúkọ, ó fi ẹsẹ̀ kan tẹ pákó, ó rí omi tó ń dán láàárín pákó méjì, ó sì dùbúlẹ̀ gbalaja. Àwọn ìyá tó ń yan ẹja níwájú ilé fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ dọ́ba. Yéyé Bọ́sẹ̀dé, opó kan tí ààrò rẹ̀ wà níwájú pátápátá, ní, "Ọma wa lọ òkè lọ di sọ́jà, àfi bó ṣe mú ìyàwó tó ń bẹ̀rù omi bọ̀." Gbogbo afárá gba ẹ̀rín.

Mo fi sùúrù kọ́ ọ. Lókè, ajá ló ń ṣíwájú, tí ẹni tó mú okùn á tẹ̀lé e. Lórí pákó, èmi ni mo ní láti ṣíwájú, kí ó lè máa wo ẹsẹ̀ mi dípò omi. Báyìí ni mo ṣe ń lọ níwájú tí òun ń bọ̀ lẹ́yìn láti ilé dé ilé, torí afárá náà kò gba ẹni méjì. Bó bá rẹ̀ ẹ́, á jókòó, okùn á fà mí, n ó dúró dè é, n ó máa wo ọkọ̀ tó ń kọjá. N kò mọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn mi.

Ohun tó ń ṣẹlẹ̀ nìyí. Ní ọ̀dọ̀ wa, ẹni tó bá ń kọjá níwájú ilé, a ó kí i, á lọ. Ẹni tó bá jókòó ti di àlejò nìyẹn, a kì í sì jẹ́ kí àlejò dìde lọ́wọ́ òfo nígbà tí ẹja wà lórí ààrò. Àwọn ìyá wọ̀nyí rí i pé Rítà jókòó. Wọ́n wo bó ṣe jókòó, ẹ̀yìn rẹ̀ nàró, kò gbó, kò fọwọ́ kan nǹkan oníǹkan. Wọ́n ní ajá tó mọ ilé ọmọ ènìyàn rèé. Wọ́n fún un ní ẹja ṣáwá. Lọ́jọ́ kejì ó tún jókòó, wọ́n tún fún un. Ìfẹ́ ni. Kò sí ẹni tó sọ fún wọn pé jíjókòó ajá yẹn lè mú ènìyàn dé ẹ̀wọ̀n.

Láàárọ̀ ọjọ́ kan, nǹkan bú gbàù ní èbúté tí a ń ṣọ́. Ẹnikẹ́ni kò kú, ṣùgbọ́n ọ̀kan nínú wa, ọmọkùnrin aláwàdà kan tí a jọ ń jẹun, pàdánù ọwọ́ rẹ̀. Inú ń bí gbogbo wa. Ọ̀gá ikọ̀ wa, Yorùbá láti òkè, kì í ṣe ènìyàn burúkú, ṣùgbọ́n òun ló di ọmọkùnrin náà mú nínú ọkọ̀ títí wọ́n fi gbé e dé ọ̀dọ̀ dókítà, ẹ̀jẹ̀ ọmọ náà sì wà lára aṣọ ọ̀gá síbẹ̀. Ó ní ká lọ yẹ abúlé náà wò, ilé sí ilé.

Mo ṣíwájú, Rítà tẹ̀lé mi, ọ̀gá àti àwọn yòókù tẹ̀lé e. A kò tíì rìn jìnnà tí okùn fi fà mí. Mo gbọ́ ohùn ọ̀gá lẹ́yìn mi: "Ó ti jókòó." Níwájú ààrò Yéyé Bọ́sẹ̀dé ni. Kí n tó yíjú padà, wọ́n ti wọ ilé náà lọ. Wọ́n bá wáyà, wọ́n bá bátìrì, wọ́n bá Máyọ̀wá ọmọ rẹ̀ tó ń tún ẹ́ńjìnnì ọkọ̀ ojú omi ṣe. Ọ̀dọ́mọkùnrin tó tóó fẹ́yàwó ni, ọwọ́ rẹ̀ dúdú fún epo. Wọ́n dè é lọ́wọ́ sẹ́yìn. "Ẹ́ńjìnnì ni mo ń tún ṣe," ló ń wí ṣáá.

Mo wo Rítà. Mo mọ ajá mi. Bó bá rí nǹkan gidi, etí rẹ̀ méjèèjì ni í nàró, kì í sì í mí sókè. Lọ́jọ́ yìí, etí kan sùn lọ, ó ń lá ẹnu. Kò wo ilé, kò wo èmi. Ọwọ́ Yéyé Bọ́sẹ̀dé ló ń wò. Yéyé náà ń sunkún, ó ń pe orúkọ ọmọ rẹ̀, síbẹ̀ ọwọ́ rẹ̀ ọ̀tún ti wọ inú agbọ̀n ẹja, ó sì ti mú ṣáwá kan jáde láì mọ̀, torí àlejò jókòó síwájú rẹ̀. Ìgbà yẹn ni gbogbo rẹ̀ yé mi.

Bí mo bá dákẹ́, wọ́n á mú Máyọ̀wá lọ, ẹni tó bá sì mọ irú inú tó ń bí wa lọ́jọ́ yẹn á mọ̀ pé kò ní rọrùn fún un. Bí mo bá sọ̀rọ̀, Rítà ti di ajá tí wọn kò lè gbà gbọ́. Mo mọ ohun tí wọ́n ń ṣe fún irú rẹ̀. Mo dúró níbẹ̀ pẹ̀lú okùn lọ́wọ́, mo ń wá ọ̀nà kẹta, kò sí ọ̀nà kẹta.

Mo ní, "Ọ̀gá, kì í ṣe àdó olóró ló rí. Ẹja ló ń tọrọ."

Ó wò mí. "Ṣé torí pé ènìyàn rẹ ni wọ́n lo fi ń sọ bẹ́ẹ̀?"

"Rárá, sà. Ẹ jẹ́ kí n fi hàn yín."

Mo bẹ Yéyé Bọ́sẹ̀dé pé kí ó gbé agbọ̀n rẹ̀ lọ jókòó sínú ọkọ̀ ọ̀gá wa. Ó gbé e lọ. Mo mú Rítà gba ibẹ̀ kọjá. Ó jókòó níwájú ọkọ̀ ọ̀gá, ẹ̀yìn rẹ̀ nàró ṣánṣán. Ọ̀gá ní kí wọ́n gbé agbọ̀n náà fún sọ́jà kan lápá ibòmíràn. Rítà lọ, ó jókòó síwájú sọ́jà náà. Ó tún ní kí wọ́n gbé e kúrò pátápátá, kí n mú ajá padà sí iwájú ilé Máyọ̀wá. Rítà kọjá bí ẹni tí kò rí ilé rí. Ẹ̀rí náà pé. Ní gbogbo ìgbà tó ń jókòó, inú rẹ̀ ń dùn, ó rò pé iṣẹ́ lòun ń ṣe dáadáa. Ẹ̀yin ọmọ mi, mo ti rí ogun, n kò tíì ṣe ohun tó le tó ìyẹn.

Wọ́n tú Máyọ̀wá sílẹ̀. Ọ̀gá yíjú sí mi. Ó ní, "Ṣé o mọ ohun tí o fi ọwọ́ ara rẹ ṣe fún ajá rẹ?" Mo ní mo mọ̀. Ó fi ọwọ́ kàn mí léjìká, ó lọ. Nígbà tó yá, wọ́n mú àwọn tó ṣe iṣẹ́ ibi náà níbi tó jìnnà sí wa, kò sí ọmọ abúlé yẹn nínú wọn.

Ọ̀gá Dànládì fúnra rẹ̀ ló wá. Irun rẹ̀ ti funfun, ọkọ̀ ojú omi sì bà á lẹ́rù ju Rítà lọ, síbẹ̀ ó wá. Mo bẹ̀ ẹ́ pé kí ó jẹ́ kí n tún un kọ́. Ó ní, "Mo lè kọ́ ọ kí ó gbàgbé ẹja. Ṣùgbọ́n lọ́jọ́ tó bá tún jókòó, kí lo máa sọ? Bí o bá ní ẹja ni, tí kò wá jẹ́ ẹja ńkọ́?" Mo ní kí wọ́n jẹ́ kí n mú un lọ sílé. Ó ní ohun ìjà ni òfin kà á sí, pé wọn kì í fún ènìyàn ní ìbọn mú lọ sílé. Àwọn ìyá abúlé wa ọkọ̀ wá sí ibùdó wa. Yéyé Bọ́sẹ̀dé kúnlẹ̀ níwájú rẹ̀, ó ní, "Èmi ni mo kọ́ ọ. Àlejò jókòó, mo fún un lóúnjẹ. Bí ẹ̀ṣẹ̀ bá wà níbẹ̀, èmi ni kí ẹ mú."

Ọ̀gá Dànládì gbé e dìde. Ó ní, "Ìyá, kò sí ẹ̀ṣẹ̀ kankan. Ìyẹn ló jẹ́ kí ó dùn mí tó báyìí."

Mo gbé orí Rítà lé itan mi. Ọ̀gá Dànládì fún un ní abẹ́rẹ́ náà. Rítà ń wo ojú mi títí. Mo sunkún, n kò bo ojú, kò sì sí ẹni tó fi mí ṣe yẹ̀yẹ́. Máyọ̀wá ló wá gbé òkú rẹ̀. Ó ní bí a bá sin ín sí etíkun, òkun á gbé e lọ bó ṣe gbé ibojì bàbá òun lọ, ó bá wà á wá sí Mahintedo níbi tí ilẹ̀ ti le díẹ̀. Àwọn kan rẹ́rìn-ín pé ó fi ọkọ̀ gbé òkú ajá bí òkú ènìyàn. Ó ń wa ọkọ̀ rẹ̀ lọ.

Mo ṣe iṣẹ́ náà fún ọ̀pọ̀ ọdún sí i, ṣùgbọ́n mo yí bí mo ṣe ń ṣe é padà. Kí ajá mi tó fẹsẹ̀ tẹ abúlé kankan, èmi á kọ́kọ́ lọ kí àwọn ìyá, n ó ṣàlàyé jíjókòó ajá fún wọn, n ó bẹ̀ wọ́n pé ẹja tí wọ́n bá fẹ́ fún ajá, kí wọ́n gbé e fún èmi. Mo sanra. Nígbà tó di ẹ̀yìn, ẹ̀rọ dé. Wọ́n gbé àpótí kan dé tó ń fi iná pupa hàn bó bá gbóòórùn nǹkan, wọ́n gbé èyí tó ń fò lókè tó ń ya àwòrán. Mo kọ́ wọn, mo sì lò wọ́n. Iyọ̀ òkun jẹ púpọ̀ nínú wọn, ajá ṣì ń ríṣẹ́. Òfin náà yí padà kí n tó fẹ̀yìn tì: ajá tó bá parí iṣẹ́ lè bá ẹni tó ń tọ́jú rẹ̀ lọ sílé báyìí. Inú mi dùn nígbà tí mo gbọ́ ọ, lẹ́yìn náà ni mo wọ yàrá lọ, mo ti ilẹ̀kùn.

Iṣẹ́ gidi ni, ẹ̀yin ọmọ. Bí ẹ bá fẹ́ ṣe é, ẹ ṣe é. Ṣùgbọ́n ẹ má gba okùn náà bí ẹ bá rò pé ajá nìkan ni wọn yóò fi sọ́wọ́ yín.

Máyọ̀wá ti di bàbá ọmọ, ó ní ilé iṣẹ́ ẹ́ńjìnnì tirẹ̀ ní Mahintedo, kò sì í jẹ́ kí Ọjọ́ Ìsinmi kọjá láì wá wò mí. Kò béèrè nípa Rítà rí láti ọjọ́ tí ọ̀rọ̀ náà ti ṣẹlẹ̀. Ọ̀sẹ̀ tó kọjá ló tó béèrè. Ó wolẹ̀, ó ní, "Bàbá, ajá yín yẹn. Ṣé ẹ kábàámọ̀ rẹ̀?"

Mo ní, "Lójoojúmọ́ ni mò ń kábàámọ̀ rẹ̀, ọma mi. Bí wọ́n bá sì tún dè ọ́ lọ́la, ohun tí mo sọ náà ni n ó sọ."